Save Civ VI àti Stellaris ti kún jù: báwo ni mo ṣe lè pa èyí tí mi ò fẹ́ mọ́ rẹ́?

ajagunilẹ̀ béèrè:

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ọ̀gá. Gémù ọgbọ́n ogun méjì, Civilization VI (Civ VI) àti Stellaris, ni mo ń gbá lórí Windows 11, Steam, ètò tí èèyàn fi ń ra gémù, ni mo fi ń ṣí méjèèjì. Save (eré tí mo fi pamọ́ kí n lè bá a lọ nígbà mìíràn) ti pọ̀ débi pé tí mo bá ṣí Load Game, ó máa ń pẹ́ kí orúkọ wọn tó jáde tán, mi ò sì mọ èyí tó jẹ́ ti ìjọba tí mò ń gbá lọ́wọ́ mọ́. Ohun mẹ́ta ló ń dà mí láàmú.

Nínú Civ VI, ẹyọ kọ̀ọ̀kan ni mo ń pa rẹ́: màá yàn án, màá tẹ Delete, á bi mí bóyá ó dá mi lójú, màá dáhùn, màá tún bẹ̀rẹ̀ lórí òmíràn. Ṣé kò sí bí mo ṣe lè kó ogójì lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo? Ti Stellaris yàtọ̀: mo rí fódà rẹ̀ nínú Documents, mo pa fódà mẹ́fà rẹ́ níbẹ̀, àmọ́ nígbà tí mo ṣí gémù, mẹ́ta nínú àwọn ìjọba tí mi ò fẹ́ mọ́ ṣì jókòó síbẹ̀. Lẹ́yìn náà ni àwọn autosave, ìyẹn save tí gémù ń ṣe fúnra rẹ̀: tí mo bá kó wọn dànù lónìí, kò ní pẹ́ tí wọ́n á tún fi kún.

Eré méjì ni mi ò fẹ́ kí nǹkan kan ṣe. Ọ̀kan nínú wọn jẹ́ Ironman (irú eré tó ń lo save kan ṣoṣo) nínú Stellaris.

fódà_mímọ́ dáhùn:

Ẹ kú ìnira. Ẹ má tíì pa ohunkóhun rẹ́ mọ́ títí ẹ ó fi ka èyí tán, torí gémù méjèèjì yìí kò fi save pamọ́ bákan náà, ibẹ̀ gan-an ni ìdáhùn ìbéèrè yín kejì wà.

Civ VI ló rọrùn, ẹ jẹ́ ká fi í ṣáájú. Ẹ jáde nínú gémù náà pátápátá. Ẹ di bọ́tìnnì Windows mú, kí ẹ tẹ E, kí ẹ wọ Documents, láti ibẹ̀ kí ẹ wọ My Games, Sid Meier's Civilization VI, kí ẹ sì ṣí Saves. Inú fódà Single ni èyí tí ẹ fi ọwọ́ ara yín pamọ́ wà, orúkọ kọ̀ọ̀kan sì parí sí .Civ6Save. Inú Single yẹn náà ni fódà mìíràn wà tó ń jẹ́ auto. Ibẹ̀ ni gémù ń kó autosave sí, pẹ̀lú orúkọ bíi AutoSave_0052.Civ6Save. Turn (ìyípo eré) tí ẹ wà nígbà yẹn ni nọ́ńbà inú orúkọ náà ń sọ, kò sọ ìjọba tó ni ín. Nítorí náà ẹ má fi nọ́ńbà ṣe ìdájọ́, ọjọ́ ni kí ẹ wò.

Láti rí ọjọ́ náà dáadáa, ẹ tẹ View lókè fódà, kí ẹ yan Details, lẹ́yìn náà kí ẹ tẹ orí ìlà Date modified. Èyí tó tuntun jù á bọ́ sókè, àwọn àgbà á wà nísàlẹ̀. Ẹ tẹ èyí tó ṣáájú nínú àwọn tí ẹ fẹ́ kó, ẹ di Shift mú, ẹ tẹ èyí tó kẹ́yìn: gbogbo èyí tó wà láàárín á di yíyàn. Bí ẹ bá fẹ́ yọ ọ̀kan sílẹ̀ láàárín wọn, ẹ di Ctrl mú kí ẹ tẹ ẹ́. Ogójì tí ẹ ń sọ kò ní gbà ju ìṣẹ́jú kan lọ.

Ohun tí mo máa ń bẹ gbogbo èèyàn ni pé kí wọ́n má tẹ Delete ní ìgbésẹ̀ yìí. Ctrl+X ni kí ẹ tẹ̀, kí ẹ ṣẹ̀dá fódà kan sí ibòmíràn, bíi orí Desktop, kí ẹ lẹ̀ wọ́n síbẹ̀. Ẹ má fi fódà yẹn sínú Saves. Lẹ́yìn náà kí ẹ ṣí gémù, kí ẹ gbé eré tí ẹ ń gbá lọ́wọ́ wọlé, kí ẹ sì parí turn kan. Bí ohun gbogbo bá pé, ìgbà yẹn ni kí ẹ pa fódà orí Desktop rẹ́. Ìṣẹ́jú méjì péré nìyẹn, ó sì sàn ju kí èèyàn máa wá turn 240 kiri inú Recycle Bin lọ.

Ó wá kan Stellaris. Documents, Paradox Interactive, Stellaris, save games ni ẹ wọ̀, ẹ sì ti rí i. Níbẹ̀, ìjọba kọ̀ọ̀kan ló ní fódà tirẹ̀: orúkọ ìjọba náà, nọ́ńbà gígùn kan sì tẹ̀ lé e. Autosave inú rẹ̀ máa ń gbé ọjọ́ inú eré sórí, bíi autosave_2230.01.01.sav. Àwọn mẹ́ta tí ẹ rò pé wọ́n padà wá kò padà wá láti ibì kankan. Ẹ kò tíì fọwọ́ kàn wọ́n ni. Nígbà tí ẹ bẹ̀rẹ̀ àwọn eré yẹn, ẹ ti yàn pé kí gémù máa fi wọ́n pamọ́ sí Steam Cloud (ibi ìpamọ́ Steam lórí íntánẹ́ẹ̀tì), ibi tí irú save bẹ́ẹ̀ sì ń wà lórí kọ̀ǹpútà yín nìyí:

C:\Program Files (x86)\Steam\userdata\nọ́ńbà yín\281990\remote\save games

281990 ni nọ́ńbà tí Steam fi mọ Stellaris. Nọ́ńbà tó ṣáájú rẹ̀ jẹ́ ti àkáǹtì yín, bí èèyàn méjì bá sì ti lo Steam lórí kọ̀ǹpútà kan náà, fódà méjì lẹ máa rí, ẹ ṣọ́ra kí ẹ má lọ pa ti ẹlòmíràn. Nínú Load Game, ẹ wo ẹ̀gbẹ́ orúkọ àwọn save náà dáadáa: àwòrán ìkùukùu kékeré wà lára àwọn tó wà ní Cloud. Èyí tí kò ní ìkùukùu, inú Documents ló wà.

Ti Cloud yìí, inú gémù ni kí ẹ ti pa wọ́n rẹ́. Mẹ́ta péré ni, kò tó ohun tí èèyàn ń wá ọ̀nà àbùjá sí. Bí gémù fúnra rẹ̀ bá pa á rẹ́, Steam á mọ̀ pé ẹ fẹ́ kó lọ, á sì mú un kúrò lórí sáfà náà.

Ironman yín: fáìlì rẹ̀ ń jẹ́ ironman.sav nínú fódà ìjọba náà. Ẹyọ kan yẹn ni gbogbo eré náà. Kò sí èyí tó ṣáájú rẹ̀ tí ẹ lè padà sí, torí náà kí ẹ tó ṣe ohunkóhun, ẹ kọ́kọ́ ṣe ẹ̀dà fódà yẹn sí ibòmíràn.

ọba_turn_kan dáhùn:

Kí ló tún pọ̀ tó báyìí? Ẹ pa odindi fódà Saves rẹ́ kí ẹ bẹ̀rẹ̀ lọ́tun. Gémù á ṣẹ̀dá òmíràn fúnra rẹ̀. Bí ìyẹn kò bá yọrí, ẹ yọ gémù kúrò kí ẹ tún un fi sórí ẹ̀rọ.

fódà_mímọ́ dáhùn:

@ọba_turn_kan, òótọ́ ni pé gémù á ṣẹ̀dá fódà náà padà, àmọ́ ẹni tó béèrè sọ pé eré méjì wà tí òun kò fẹ́ pàdánù.

Yíyọ gémù kúrò kò sì ní ràn án lọ́wọ́ rárá. Bí ẹ bá ní kí Steam yọ gémù kan, ohun tó wà nínú steamapps\common ló ń kó lọ. Save kò sí níbẹ̀, inú Documents àti userdata ló wà, kò sì ní fọwọ́ kàn wọ́n. Lẹ́yìn tí ẹ bá ti gba gémù ńlá bẹ́ẹ̀ wálẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì, àwọn save yẹn náà lẹ máa bá níbẹ̀.

Mo fẹ́ fi kún un fún ẹni tó bá ń ka èyí: nínú àwọn fáìlì Civ VI, ẹ lè rí HallofFame.sqlite àti Mods.sqlite. Ẹ fi wọ́n sílẹ̀. Èkíní ló ń tọ́jú àkọsílẹ̀ àwọn eré tí ẹ ti parí, èkejì sì ni gémù fi ń mọ mod (àfikún gémù) tí ẹ ní. Fáìlì tó bá parí sí .Civ6Save nìkan ni ti yín láti kó. Bí Windows kò bá fi ìparí orúkọ hàn, View, Show, File name extensions ni ẹ ó tẹ̀ nínú Windows 11.

asọ̀rọ̀dàṣẹ dáhùn:

Fún ẹni tí tirẹ̀ bá ju ọgọ́rùn-ún lọ, PowerShell (ètò Windows tí èèyàn ń kọ àṣẹ sí) yára ju eku kọ̀ǹpútà lọ. Èyí á fi save márùn-ún tó tuntun jù sílẹ̀ nínú Single, á sì to orúkọ ìyókù síta:

$p = "$([Environment]::GetFolderPath('MyDocuments'))\My Games\Sid Meier's Civilization VI\Saves\Single"
Get-ChildItem $p -Filter *.Civ6Save | Sort-Object LastWriteTime -Descending | Select-Object -Skip 5 | Remove-Item -WhatIf

Ẹ fojú sí -WhatIf tó wà nípàrí. Níwọ̀n ìgbà tó bá ṣì wà níbẹ̀, kò sí fáìlì kankan tí yóò lọ. Ohun tí ìbá pa rẹ́ ló kàn ń kọ síta. Ẹ ka orúkọ wọn látòkè dé ìsàlẹ̀. Bó bá tẹ́ yín lọ́rùn, ẹ yọ -WhatIf kúrò kí ẹ tún un fi ránṣẹ́. Remove-Item kì í gba Recycle Bin kọjá, èyí tó bá lọ ti lọ nìyẹn.

Mo lo GetFolderPath dípò kí n kọ C:\Users sílẹ̀ nítorí OneDrive. Lórí ọ̀pọ̀ kọ̀ǹpútà, OneDrive ti gba Documents sọ́wọ́, ibi tó wà gan-an sì ti di C:\Users\orúkọ yín\OneDrive\Documents. Ẹni tó bá kọ ọ̀nà àtijọ́ síbẹ̀ á rí fódà òfìfo tàbí àṣìṣe. Àṣẹ yìí á bi Windows fúnra rẹ̀ níbi tí Documents wà.

Fáìlì tó wà tààrà nínú Single nìkan ni àṣẹ yìí ń kàn, kò wọnú auto. Bí ẹ bá fẹ́ ti auto, ẹ fi \auto kún ìparí ọ̀nà náà.

Bí ẹ bá tẹ̀ lé ìmọ̀ràn fódà_mímọ́ pé kí ẹ kó wọn lọ síbòmíràn ná, Move-Item ni ẹ ó fi rọ́pò Remove-Item, pẹ̀lú -Destination àti fódà tí ẹ fẹ́. Ohun kan wà níbẹ̀ tó ń mú ọ̀pọ̀ èèyàn: fódà yẹn gbọ́dọ̀ ti wà kí ẹ tó fi àṣẹ náà ránṣẹ́. Bí kò bá sí, PowerShell á rò pé orúkọ tuntun lẹ fẹ́ fún fáìlì àkọ́kọ́. Á sọ save náà lórúkọ fódà yẹn láìsí .Civ6Save nídìí rẹ̀, á wá máa yọ àṣìṣe pupa lórí gbogbo ìyókù. Bó bá ti ṣẹlẹ̀, save yẹn kò bàjẹ́, ẹ kàn dá orúkọ rẹ̀ àti ìparí rẹ̀ padà.

ilé_péńgúìnì dáhùn:

Fún àwọn ará Linux tó bá ya ibí: bí ẹ bá ń fi Proton gbá gémù tí wọ́n ṣe fún Windows, Documents rẹ̀ wà nínú steamapps/compatdata, nínú fódà tó ń jẹ́ nọ́ńbà gémù náà, lẹ́yìn náà pfx/drive_c/users/steamuser/Documents. Ìdí nìyí tí kò fi yẹ kí èèyàn kàn pa fódà compatdata rẹ́ torí àyè. Save lè wà nínú rẹ̀.

Láti rí èyí tó ti ju ọjọ́ 30 lọ, ẹ wọ fódà save kí ẹ kọ:

find . -name '*.Civ6Save' -mtime +30 -print

Nígbà tí ẹ bá ti ka ohun tó jáde, ẹ fi -delete rọ́pò -print, níbi kan náà, ní ìparí. Ẹ má gbé -delete ṣáájú -name láé. Bí find ṣe ń ka àṣẹ láti òsì lọ sí ọ̀tún, bó bá kọ́kọ́ pàdé -delete, á ti pa gbogbo ohun tó wà nínú fódà náà rẹ́ kó tó dé ibi tí ẹ ti sọ irú fáìlì tí ẹ ń wá.

Ẹni tó ń gbá Battle for Wesnoth kò nílò èyí. Nínú Preferences rẹ̀, ibì kan wà tí ẹ ti lè ní kó pa autosave rẹ́ fúnra rẹ̀ bí abala kan bá ti parí, ibòmíràn sì wà fún iye autosave tó gbọ́dọ̀ ṣẹ́ kù. Ó wù mí kí gbogbo gémù ọgbọ́n ogun ní irú rẹ̀.

ajagunilẹ̀ dáhùn:

Ẹ ṣeun gan-an ni. Òótọ́ ni, àwòrán ìkùukùu wà lára àwọn mẹ́ta yẹn, mo ti pa wọ́n rẹ́ láti inú gémù, wọ́n sì ti lọ. Civ VI náà ti mọ́. Ìbéèrè méjì ló kù. Ti autosave, kò tíì sí ẹni tó dáhùn. Èkejì, bọ́tìnnì Resume lára launcher Stellaris (fèrèsé tó ń jáde ṣáájú gémù) kò gbé eré kankan wọlé mọ́, ṣé mo ti ba nǹkan jẹ́ ni?

fódà_mímọ́ dáhùn:

Ẹ kò ba nǹkan kan jẹ́. Fáìlì kékeré kan wà nínú fódà Stellaris, lẹ́gbẹ̀ẹ́ save games, orúkọ rẹ̀ ni continue_game.json. Inú rẹ̀ ni gémù kọ save tí ẹ lò kẹ́yìn sí, òun sì ni bọ́tìnnì Resume ń kà. Save tó ń tọ́ka sí wà lára àwọn tí ẹ ti kó dànù. Ẹ gba Play wọlé, ẹ ṣí eré yín láti Load Game, ẹ fi í pamọ́ lẹ́ẹ̀kan, ẹ jáde. Gémù á kọ tuntun sí i.

Autosave wá kù, òun sì ni gbòǹgbò gbogbo ọ̀rọ̀ yìí. Nínú Civ VI, ẹ lọ sí Options, abala Game. Nǹkan méjì wà níbẹ̀: turn mélòó ló gbọ́dọ̀ kọjá kí autosave kan tó wáyé, àti iye autosave tí gémù gbọ́dọ̀ fi sílẹ̀. Ọ̀pọ̀ èèyàn á sáré lọ sórí èkejì, wọ́n á gbé e lọ sí 50 tàbí 100 torí ẹ̀rù, ìgbà yẹn ni fódà á bẹ̀rẹ̀ sí í kún. Ẹ ṣírò rẹ̀ báyìí. Bí autosave bá ń wáyé ní turn kọ̀ọ̀kan, tí ẹ sì fi 10 sílẹ̀, turn 10 péré lẹ lè padà sẹ́yìn. Bó bá jẹ́ ní turn 5-5, fáìlì 10 kan náà á gbé yín padà sí nǹkan bí turn 50 sẹ́yìn. Fáìlì kò pọ̀ sí i rárá, ibi tí ọwọ́ yín dé ló jìnnà sí i. Ohun tí ẹ fi san án ni pé bí gémù bá kú lójijì, ẹ lè ní láti tún turn mẹ́rin tàbí márùn-ún gbá. Lójú tèmi, bí kọ̀ǹpútà yín kò bá máa dáṣẹ́ sílẹ̀, 5 àti 10 ló dára jù. Bó bá máa ń dáṣẹ́ sílẹ̀, ẹ lo turn 2-2 kí ẹ sì fi 15 sílẹ̀.

Bí iye náà bá ti pé, gémù fúnra rẹ̀ á máa yọ èyí tó gbó jù. Ẹ kò ní wọ fódà auto mọ́.

Nínú Stellaris, ẹ lè yan bí autosave ṣe ń wáyé sí, bíi oṣooṣù tàbí ọdọọdún inú eré. Ọdọọdún tó fún eré gbogboògbò. Ti oṣooṣù máa ń jẹ́ kí gémù dúró díẹ̀ nígbà gbogbo, pàápàá bí eré bá ti dàgbà, torí save tó ń kọ á ti wúwo gan-an sí i ju ti ìbẹ̀rẹ̀ lọ.

asọ̀rọ̀dàṣẹ dáhùn:

Mo fẹ́ kan OneDrive lẹ́ẹ̀kan sí i, torí ẹni tó bá bá ọ̀rọ̀ yìí pàdé lẹ́yìn ọ̀la lè ní irú rẹ̀. Bí Documents yín bá wà lábẹ́ OneDrive, ẹ rí i dájú pé ó ti parí iṣẹ́ rẹ̀, ìyẹn ni pé kò sí àmì ọfà méjì tó ń yí po lára àwòrán rẹ̀ nísàlẹ̀ ojú kọ̀ǹpútà, kí ẹ tó pa ẹ̀rọ. Bí kọ̀ǹpútà kejì bá wà tó ń lo àkáǹtì kan náà, save náà á lọ lórí ìyẹn pẹ̀lú. Èyí tí ẹ bá ṣèèṣì pa, ẹ lè wọ OneDrive lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹ ṣí Recycle Bin rẹ̀: ọjọ́ 30 ló fi ń tọ́jú ohun tí a pa rẹ́ fún àkáǹtì ti ara ẹni.

Bí Windows bá sọ pé fáìlì kan kò ṣeé pa torí ó wà ní ṣíṣí nínú ètò mìíràn, gémù ṣì ń ṣiṣẹ́ lábẹ́lẹ̀ ni. Ctrl+Shift+Esc, ẹ wá orúkọ gémù náà nínú Task Manager, ẹ tẹ End task, kí ẹ tún gbìyànjú.

ayò_àtijọ́ dáhùn:

Ṣé irú fódà bẹ́ẹ̀ náà wà fún Age of Empires II: Definitive Edition? Tèmi ti gba àyè púpọ̀, àmọ́ save tí mo fi ọwọ́ ara mi ṣe kò tó mẹ́wàá.

fódà_mímọ́ dáhùn:

@ayò_àtijọ́, kì í ṣe save ló gba àyè yín. C:\Users\orúkọ yín\Games\Age of Empires 2 DE, lẹ́yìn náà fódà tó ń jẹ́ nọ́ńbà àkáǹtì yín, kí ẹ wá ṣí savegame. Ẹ tẹ orí ìlà Type kí wọ́n pín sí ọ̀wọ́-ọ̀wọ́. Àwọn tó parí sí .aoe2spgame ni save tí ẹ dá gbá, wọ́n á kéré níye. Àwọn tó parí sí .aoe2record ni àkọsílẹ̀ eré láti wò padà, gémù ń ṣe ọ̀kan fún ìdíje kọ̀ọ̀kan láìbi yín. Orúkọ wọn ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú MP Replay tàbí SP Replay, ẹ̀dà gémù ọjọ́ náà sì wà nínú orúkọ. Bí gémù bá ti gba àtúnṣe ńlá, ọ̀pọ̀ nínú àwọn tí ẹ̀dà àtijọ́ ṣe kì í ṣeé wò dáadáa mọ́, nítorí náà àwọn yẹn ni kí ẹ kọ́kọ́ kó. Ẹ to wọn ní Size, ìdíje gígùn tí èèyàn mẹ́jọ gbá á wà lókè pátápátá.